Ẹjọ́ Yín Kò Kúrò Lójú Kan ní Kóòtù Májísíréètì? Bí Ẹ Ṣe Lè Mú Kí Ilé-Ẹjọ́ Gíga Dá Sí I

Ọ̀pọ̀ ènìyàn ni mo mọ̀ tí wọ́n ti kọ lẹ́tà sí gómìnà, tí wọ́n ti lọ bá ọba ìlú, tí wọ́n ti sunkún lórí rédíò, síbẹ̀ tí ẹjọ́ wọn ní kóòtù májísíréètì kò sún kúrò níbi tó wà. Wọ́n gbọ́ pé Ilé-Ẹjọ́ Gíga lágbára lórí kóòtù kékeré, òótọ́ sì ni. Wọ́n gbé ọ̀rọ̀ náà débẹ̀, adájọ́ dá a nù. Kì í ṣe pé wọn kò lẹ́tọ̀ọ́. Ọwọ́ òfo ni wọ́n gbé lọ. Kò sí ọjọ́ kankan lákọsílẹ̀, kò sí ẹ̀rí pé wọ́n ti bẹ kóòtù kékeré náà rí, wọ́n sì tún ń fẹ́ kí adájọ́ dá àwọn láre nínú ẹjọ́ tí kò tíì sẹ́ni tó gbọ́ ọ. Adájọ́ kankan kò ní ṣe ìyẹn. Ohun tí Ilé-Ẹjọ́ Gíga lè ṣe ni kó pàṣẹ pé kí ẹjọ́ rìn, kí wọ́n gbé e fún májísíréètì mìíràn, tàbí kí wọ́n tú ẹni tí wọ́n ti mọ́lé ju bó ṣe yẹ lọ sílẹ̀. Bí ẹ bá ti gba èyí mọ́ra, ìdajì iṣẹ́ ti parí.

Ẹjọ́ tó wà ní májísíréètì tàbí kóòtù ìbílẹ̀ ní Nàìjíríà ni mo ń sọ nípa rẹ̀ níbí, yálà ìjọba ló gbé yín lọ síbẹ̀ ni o, tàbí ẹnìkejì yín. Bó bá jẹ́ pé Ilé-Ẹjọ́ Gíga fúnra rẹ̀ ló ń fi nǹkan falẹ̀, ọ̀rọ̀ díẹ̀ wà fún yín lápá ìsàlẹ̀.

Ohun tí ẹ máa nílò

- Nọ́ńbà ẹjọ́ náà, bó ṣe wà lára ìwé ẹ̀sùn tàbí ìwé ìpè gan-an. Nọ́ńbà kan ṣoṣo tí ẹ bá ṣì kọ lè mú kí wọ́n wá fáìlì yín tì.
- Ìwé àkọsílẹ̀ kan, bébà ni mo ń wí, kì í ṣe orí fóònù nìkan, tí ẹ ó máa kọ gbogbo ọjọ́ tí ẹ lọ sí kóòtù sí.
- Ẹ̀dà ìwé ẹ̀sùn, ìwé bélì, àti lẹ́tà yòówù tí ẹ ti kọ rí.
- Lọ́yà. Ẹni tí agbára rẹ̀ kò ká a lè lọ sí Legal Aid Council, iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ ni. Ní Èkó, Office of the Public Defender tún wà.
- Ẹnì kan tó mọ̀ nípa ọ̀rọ̀ náà dáadáa tó lè búra, pàápàá bí ẹni tó ni ẹjọ́ bá wà lọ́gbà ẹ̀wọ̀n.
- Owó ìwé: ti ẹ̀dà tí kóòtù fọwọ́ sí, ti ìbúra, àti ti ìfiwésílẹ̀ ní Ilé-Ẹjọ́ Gíga. Ẹ gba rìsíìtì fún gbogbo rẹ̀.

Ìpele 1: Ẹ wá ohun tó dá ẹjọ́ dúró gan-an

Ibí ni mo fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀ sí jù, nítorí ibí lọ̀pọ̀ ti ń ṣìnà. "Wọ́n ń fi ẹjọ́ mi ṣeré" kì í ṣe ìdí. Adájọ́ kò lè fi gbólóhùn yẹn pàṣẹ kankan. Ìdí kọ̀ọ̀kan ló ní oògùn tirẹ̀, bẹ́ẹ̀ ẹni tó ń lo oògùn ibà fún ẹsẹ̀ tó ṣẹ́, owó ló ń fi ṣòfò.

Ẹjọ́ ṣọ́ọ̀bù kan wà tí àbúrò ìyá mi pe ayálégbé rẹ̀. Ọdún mẹ́ta gbáko, kò sẹ́ni tó tíì gbọ́ ẹnu rẹ̀. Gbogbo ilé ti gbà pé ayálégbé yẹn ti fún wọn ní rìbá. Èmi náà gbà bẹ́ẹ̀. Lọ́jọ́ tí a lọ bá akọ̀wé kóòtù, ó ṣí ìwé ńlá kan síwájú wa, ó ń fi ìka tọ ìlà sọ̀ kalẹ̀, èmi sì ń fi báírò pupa kọ ọ́ sílẹ̀. Ọjọ́ mẹ́rìnlá ni wọ́n ti dá. Kóòtù kò jókòó nígbà márùn-ún. Lọ́yà ayálégbé fi lẹ́tà tọrọ àyè nígbà mẹ́rin. Lọ́yà tiwa ni kò yọjú nígbà mẹ́ta, a kò mọ̀! Ẹ̀ẹ̀mejì tó kù, wọn kò rí fáìlì, nítorí pé wọ́n ti gbé májísíréètì àkọ́kọ́ lọ sí kóòtù mìíràn, fáìlì wa sì bá ẹrù rẹ̀ lọ. Àbúrò ìyá mi jókòó sórí bẹ́ǹṣì níta, kò sọ̀rọ̀ fún ìgbà pípẹ́. Bí a bá ti fi ìbínú kọ̀wé pé wọ́n gba rìbá, a kò ní rí ẹ̀rí kankan mú jáde, wọn ì bá sì ti da ìwé náà nù.

Àwọn ìdí tí ẹ máa bá pàdé jù nìwọ̀nyí:

*Májísíréètì kì í jókòó.* Àìsàn lè fà á, ìdánilẹ́kọ̀ọ́, tàbí iṣẹ́ mìíràn tí wọ́n rán an. Ọjọ́ tí àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù da iṣẹ́ sílẹ̀, bíi ti JUSUN, ẹgbẹ́ àwọn òṣìṣẹ́ kóòtù, láàárín oṣù kẹrin sí oṣù kẹfà ọdún 2021, ẹ má kà á mọ́ ẹ̀ṣẹ̀ májísíréètì.

*Wọ́n ti gbé májísíréètì kúrò.* Ẹni tuntun a máa bẹ̀rẹ̀ láti orí ẹlẹ́rìí àkọ́kọ́. Bó bá ṣẹlẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ọdún púpọ̀ ti lọ.

*Ọlọ́pàá tó ṣe ìwádìí kì í wá jẹ́rìí.* Kóòtù kékeré fúnra rẹ̀ lè pàṣẹ fún un, lọ́yà yín ló yẹ kó bèèrè.

*Wọ́n ń dúró de ìmọ̀ràn DPP, olùdarí ìpẹ̀jọ́ fún ìjọba.* Ẹ ṣọ́ra gidigidi níbí. Bó bá jẹ́ ẹ̀sùn bí ìpànìyàn tàbí ìdigunjalè, májísíréètì kò lágbára láti gbọ́ ọ rárá. Ńṣe ló kàn ní kí wọ́n lọ fi ẹni náà pamọ́ títí ìmọ̀ràn yóò fi dé láti ọ́fíìsì amòfin àgbà ìpínlẹ̀. Ẹni tó bá lọ sí Ilé-Ẹjọ́ Gíga pé kí wọ́n pàṣẹ fún májísíréètì kó gbọ́ irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ kíákíá ti kan ilẹ̀kùn tí kò tọ́. Bélì tàbí ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ni ọ̀nà tirẹ̀, mo ń bọ̀ níbẹ̀.

*Lọ́yà yín ni.* Ó máa ń dun ènìyàn láti gbọ́, àmọ́ ẹ kà á mọ́ ọn.

Bí ẹ ṣe máa mọ̀ pé ìpele yìí ti parí: ẹ lè sọ ọ́ ní gbólóhùn kan ṣoṣo, láì bú ẹnikẹ́ni. "Ẹlẹ́rìí ìjọba kò wá fún ọjọ́ mẹ́fà léraléra, kóòtù kò sì pàṣẹ kankan lórí rẹ̀." Bí ẹ kò bá tíì lè sọ ọ́ báyìí, ẹ padà lọ bá akọ̀wé kóòtù.

Ìpele 2: Ẹ ka ọjọ́ yín mọ́ ọjọ́ tí òfin dá

Ẹ fa ìlà mẹ́rin sórí bébà: ọjọ́ tí wọ́n dá, ohun tó ṣẹlẹ̀, ẹni tó fà á, ọjọ́ tuntun tí wọ́n mú. Ẹ kọ ọjọ́ tí ẹ̀yin náà tọrọ àyè sí i pẹ̀lú. Ẹ má fi í pamọ́, ẹgbẹ́ kejì á gbé e jáde lójú adájọ́, gbogbo ohun tí ẹ bá sì sọ lẹ́yìn ìyẹn á di irọ́ létí rẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni kí ẹ gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ òfin. Abala 36 nínú ìwé òfin ọdún 1999 fún gbogbo ènìyàn lẹ́tọ̀ọ́ sí ìgbẹ́jọ́ òdodo láàárín àsìkò tó bójú mu. Kò dárúkọ iye oṣù, ìdí nìyẹn tí ìlà mẹ́rin yín fi ṣe pàtàkì. Ẹni tó wà látìmọ́lé ní iye ọjọ́ tó ṣe é kà. Abala 35 ní kí wọ́n gbé e dé kóòtù láàárín ọjọ́ kan bí kóòtù bá wà láàárín kìlómítà 40, ọjọ́ méjì bó bá jìnnà ju bẹ́ẹ̀ lọ, àfi bí kóòtù bá rí ìdí láti fi kún un. Abala yẹn kan náà ní bí wọn kò bá gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀ láàárín oṣù méjì tí wọ́n ti mú un, tó sì ṣì wà látìmọ́lé, tàbí oṣù mẹ́ta fún ẹni tó ti gba bélì, kí wọ́n tú u sílẹ̀, yálà láìsí àdéhùn tàbí pẹ̀lú àdéhùn tí yóò mú kó padà wá jẹ́jọ́. Ìtúsílẹ̀ yìí kò pa ẹjọ́ náà. Bẹ́ẹ̀ ni kò kan ẹni tí wọ́n fura sí lórí ẹ̀sùn tí ìjìyà rẹ̀ jẹ́ ikú.

Nínú òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti ọdún 2015 tí a mọ̀ sí ACJA, abala 396 ní kí wọ́n máa gbọ́ ẹjọ́ lójoojúmọ́. Bí ìyẹn kò bá ṣeé ṣe, ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan kò gbọdọ̀ sún un síwájú ju ẹ̀ẹ̀marùn-ún lọ, àlàfo kọ̀ọ̀kan kò sì gbọdọ̀ ju ọjọ́ iṣẹ́ 14 lọ. Abala 110 ní kí ìgbẹ́jọ́ bẹ̀rẹ̀ láàárín ọgbọ̀n ọjọ́ tí wọ́n fi ẹ̀sùn sílẹ̀. Bí kò bá bẹ̀rẹ̀, tàbí tí kò parí lẹ́yìn ọjọ́ 180 tí wọ́n ka ẹ̀sùn sí ènìyàn létí, májísíréètì gbọ́dọ̀ kọ̀wé ṣàlàyé ìdí rẹ̀ fún Adájọ́ Àgbà. Ìwé àlàyé yìí wúlò fún yín púpọ̀, ẹ fi í sọ́kàn dé Ìpele 5.

Ìkìlọ̀: kóòtù ìjọba àpapọ̀ àti ti Abuja ni ACJA wà fún. Ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan ní tirẹ̀, Èkó ti ní tirẹ̀ láti ọdún 2007 pàápàá, kí ti ìjọba àpapọ̀ tó dé. Iye ọjọ́ inú wọn kò fi gbogbo ìgbà bára mu. Ẹni tó bá fa abala ACJA yọ ní májísíréètì ìpínlẹ̀ ti fún ẹgbẹ́ kejì ní ohun tí wọn yóò fi ta kò ó. Ẹ ní kí lọ́yà yín mú òfin ìpínlẹ̀ yín jáde.

Ohun tí ẹ máa wò: ó kéré tán, ọjọ́ kan wà lórí bébà yín tó kọjá ohun tí òfin kan pàtó sọ, ẹ sì mọ abala tó sọ ọ́.

Ìpele 3: Ẹ gba ẹ̀dà àkọsílẹ̀ ìgbẹ́jọ́ tí kóòtù fọwọ́ sí

Ìlà mẹ́rin tí ẹ fà, tiyín nìyẹn. Ilé-Ẹjọ́ Gíga fẹ́ rí ti kóòtù. Ẹ kọ lẹ́tà sí rẹ́jísírà, òṣìṣẹ́ tó ń bójú tó ìwé kóòtù, pé ẹ fẹ́ ẹ̀dà àkọsílẹ̀ gbogbo ọjọ́ ìgbẹ́jọ́, ohun tí àwọn lọ́yà ń pè ní CTC. Ẹ san owó rẹ̀. Abala 104 nínú òfin ẹ̀rí ti ọdún 2011 ló ní kí òṣìṣẹ́ tí ìwé ìjọba wà lọ́wọ́ rẹ̀ fún ẹni tó lẹ́tọ̀ọ́ láti rí i ní ẹ̀dà, bó bá ti san owó tí òfin dá.

Ẹ má fi fóònù ya àwòrán ìwé ńlá yẹn kí ẹ sì rò pé ó tó. Mo ti rí i tí lọ́yà kan gbé irú àwòrán bẹ́ẹ̀ síwájú adájọ́, adájọ́ kò tilẹ̀ wò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Bí ẹ ṣe máa mọ̀ pé ó pé: ó ní òǹtẹ̀ kóòtù, ìbuwọ́lùwé, orúkọ àti ipò ẹni tó fọwọ́ sí i, àti ọjọ́. Ẹ ka ojú ewé rẹ̀ kí ẹ tó kúrò ní kàǹtà. Bí ọ̀kan bá fò, ọjọ́ tó wà lójú ewé yẹn gan-an lẹ máa nílò.

Ìpele 4: Ẹ bẹ kóòtù kékeré náà fúnra rẹ̀, kí bébà sì wà

Bí ẹ bá fo ìpele yìí, gbogbo iṣẹ́ yín lè wó. Ilé-Ẹjọ́ Gíga kì í fi àṣẹ kan kóòtù lọ́rùn lórí ohun tí ẹnikẹ́ni kò tíì ní kó ṣe. Ó fẹ́ rí i pé ẹ bèèrè, pé ó yé wọn, àti pé wọ́n kọ̀ tàbí wọ́n dákẹ́.

Kí lọ́yà yín kọ̀wé ìbéèrè fún ìgbẹ́jọ́ kíákíá. Bí ẹ kò bá ní lọ́yà, lẹ́tà tó ní kókó mẹ́rin tó: nọ́ńbà ẹjọ́ àti orúkọ àwọn ẹgbẹ́ méjèèjì, ọjọ́ tí ẹjọ́ bẹ̀rẹ̀ àti iye ìgbà tí wọ́n ti sún un síwájú, ohun kan pàtó tí ẹ ń fẹ́, bí àpẹẹrẹ kí wọ́n dá ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ láàárín ọ̀sẹ̀ méjì, àti gbólóhùn kan pé inú ìrètí ìdáhùn lẹ wà. Ojú ewé kan. Ẹ má fi ìtàn ẹjọ́ kún un.

Rẹ́jísírà ni kí ẹ kọ ọ́ sí, kí ẹ sì fi ẹ̀dà ránṣẹ́ sí ẹgbẹ́ kejì. Ẹ má wọlé lọ bá májísíréètì ní yàrá rẹ̀ láìsí ẹgbẹ́ kejì, bó ti wù kí ẹ mọ ẹnìkan tó mọ̀ ọ́n. Ẹ má rán alàgbà ṣọ́ọ̀ṣì tàbí ìmáàmù sí i. Ọkàn rere lẹ fi ń ṣe é, mo mọ̀, ṣùgbọ́n ọ̀nà tó yá jù láti sọ ẹ̀tọ́ yín di ẹ̀ṣẹ̀ nìyẹn.

Ohun tí ẹ máa wò: ẹ̀dà kejì lẹ́tà náà wà lọ́wọ́ yín, wọ́n lu òǹtẹ̀ ìgbàwọlé sí i, wọ́n kọ ọjọ́ sí i. Bí akọ̀wé bá ní "ẹ fi sílẹ̀, màá bá yín fún wọn", ẹ fi sùúrù dúró títí yóò fi lu òǹtẹ̀ náà.

Ìpele 5: Ẹ kọ́kọ́ gbìyànjú ọ́fíìsì Adájọ́ Àgbà ìpínlẹ̀

Ó dín owó kù, kò sì ní ìjà nínú. Adájọ́ Àgbà ni olórí gbogbo kóòtù ìpínlẹ̀. Ó lè gba ẹjọ́ lọ́wọ́ májísíréètì kan fún òmíràn, ó sì lè wádìí ìdí tí ẹjọ́ fi dúró. Ẹ kọ̀wé sí i, ẹ so ìlà mẹ́rin, CTC àti lẹ́tà olóǹtẹ̀ mọ́ ọn. Níbi tí òfin bá ti béèrè ìwé àlàyé lẹ́yìn ọjọ́ 180, ẹ bi í bóyá májísíréètì ti fi ránṣẹ́. Ìbéèrè kékeré yẹn nìkan ti tú fáìlì sílẹ̀ rí, ojú mi ló ṣe. Ti ṣọ́ọ̀bù àbúrò ìyá mi, ibí ló ti yanjú: wọ́n wá fáìlì náà kàn, wọ́n sì gbé ẹjọ́ fún májísíréètì mìíràn.

Adájọ́ Àgbà tún máa ń bẹ ọgbà ẹ̀wọ̀n wò. Òfin fún un lágbára láti tú ẹni tó ń dúró de ìgbẹ́jọ́ sílẹ̀ bí àtìmọ́lé rẹ̀ bá ta ko òfin kedere, tàbí bó bá ti pẹ́ níbẹ̀ ju iye ọdún tí wọn ì bá dá fún un lọ. Ẹ rí i dájú pé orúkọ ènìyàn yín wà nínú ìwé tí ọgbà ẹ̀wọ̀n máa gbé síwájú rẹ̀. Ẹ lọ bá òṣìṣẹ́ tó ń ṣe àkọsílẹ̀ níbẹ̀ ṣáájú, ẹ fún un ní nọ́ńbà ẹjọ́.

Ìkìlọ̀ ńlá: NJC, ìgbìmọ̀ ìdájọ́ ti gbogbo orílẹ̀-èdè, kọ́ ló ń bá májísíréètì wí. Àwọn adájọ́ Ilé-Ẹjọ́ Gíga sókè ni NJC ń bójú tó. Ti májísíréètì, Judicial Service Commission ìpínlẹ̀ yín ni. Àìmọye ìwé ẹ̀sùn ló ti rìn dé Abuja tí kò ní ilé níbẹ̀. Ẹ sì má fi ìbáwí rọ́pò ìrìn ẹjọ́: wọ́n lè bá májísíréètì wí lónìí, kí ẹjọ́ yín ṣì wà lójú kan.

Bí ọ̀sẹ̀ mẹ́rin bá kọjá láìsí èsì, ẹ kọ ìránnilétí kan, kí ẹ sì múra Ìpele 6 sílẹ̀. Iye ọ̀sẹ̀ yẹn, èrò tèmi ni, kì í ṣe òfin. Ẹni tí ènìyàn rẹ̀ wà látìmọ́lé kò gbọdọ̀ dúró tó bẹ́ẹ̀.

Ìpele 6: Ẹ yan ilẹ̀kùn tó tọ́ ní Ilé-Ẹjọ́ Gíga

*Ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn.* Fún ẹni tó wà látìmọ́lé, mo fẹ́ràn èyí jù. Abala 46 nínú ìwé òfin ọdún 1999 ló gbé e dúró, ìlànà ìgbẹ́jọ́ ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn ti ọdún 2009 ló sì ń darí rẹ̀. Ẹ kò ní tọrọ àyè kí ẹ tó wọlé. Ìwé mẹ́ta lẹ máa fi sílẹ̀ pọ̀: àlàyé nípa ẹni tó ń bèèrè, ohun tó ń fẹ́ àti ìdí rẹ̀; ìwé ìbúra; àti àlàyé lọ́yà lórí òfin, tí wọ́n ń pè ní àdírẹ́ẹ̀sì. Bí ẹni náà bá wà lọ́gbà ẹ̀wọ̀n, ẹlòmíràn tó mọ̀ nípa rẹ̀ lè búra fún un. Ẹgbẹ́ kejì ní ọjọ́ márùn-ún láti fèsì lẹ́yìn tí ìwé bá dé ọwọ́ wọn. Ìlànà náà ní kí wọ́n dá ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ láàárín ọjọ́ méje tí ẹ fi ìwé sílẹ̀. Bí rẹ́jísírà bá dá oṣù méjì fún yín, ẹ fi ìlànà yẹn hàn án pẹ̀lú ọ̀wọ̀.

Ibi tí wọ́n ti ń ṣubú: ẹ̀tọ́ tí wọ́n tẹ̀ mọ́lẹ̀ gbọ́dọ̀ jẹ́ olórí ohun tí ẹ ń bèèrè. Bó bá jẹ́ ilẹ̀ tàbí gbèsè lẹ ń bèèrè, tí ẹ kàn fi ẹ̀tọ́ ọmọnìyàn bò ó lójú, wọ́n á fagi lé e.

*Àṣẹ mandamus.* Èyí ni àṣẹ tí Ilé-Ẹjọ́ Gíga fi ń sọ fún kóòtù kékeré pé kó ṣe iṣẹ́ tí òfin gbé lé e lọ́wọ́. Ó yẹ fún ẹjọ́ tí májísíréètì lágbára láti gbọ́ àmọ́ tí kò gbọ́, tàbí ìdájọ́ tó ti yẹ kó kà tí kò kà. Ẹ máa kọ́kọ́ tọrọ àyè lọ́wọ́ adájọ́. Bó bá gbà, ẹ ó wá gbé ìbéèrè gan-an wá. Adájọ́ á wo nǹkan mẹ́rin: ṣé iṣẹ́ òfin ni, ṣé ẹ ti bèèrè, ṣé wọ́n kọ̀, ṣé kò sí ọ̀nà mìíràn tó tó o. Lẹ́tà olóǹtẹ̀ Ìpele 4 ló ń dáhùn ìkejì àti ìkẹta.

Àsìkò ń lọ níbí o. Nínú ìlànà ọ̀pọ̀ Ilé-Ẹjọ́ Gíga, oṣù mẹ́ta péré lẹ ní láti ọjọ́ tí ohun tí ẹ ń sọ ṣẹlẹ̀. Ẹ jẹ́ kí ọjọ́ tí wọ́n kọ̀ yín gbẹ̀yìn hàn kedere, kí ẹ má sì jẹ́ kó di oṣù mẹ́rin.

*Bélì.* Fún ẹni tó ń dúró de ìmọ̀ràn DPP, ẹ lè bèèrè bélì lọ́wọ́ Ilé-Ẹjọ́ Gíga. Kò ní mú ẹjọ́ yá, ṣùgbọ́n ilé ni ẹni náà yóò ti máa dúró.

Ohun tí ẹ kò gbọ́dọ̀ ṣe ni kí ẹ gbé ọ̀rọ̀ kékeré lọ sí Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn nígbà tí ẹjọ́ kò tíì parí, kí ẹ sì rò pé ẹ ń mú un yá. Ẹjọ́ kan wà tí òṣìṣẹ́ kan pe NNPC ní ọdún 1987. Orí ìbéèrè bóyá kóòtù lágbára láti gbọ́ ọ ni wọ́n wà títí tó fi dé Ilé-Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ. Ní ọdún 2000, wọ́n dá a padà síbi tó ti bẹ̀rẹ̀ kí wọ́n lè wá gbọ́ ẹjọ́ gan-an. Ọdún mẹ́tàlá.

Ohun tí ẹ máa wò: ìdí tí ẹ rí ní Ìpele 1 bá ilẹ̀kùn tí ẹ yàn mu. Ẹ ka méjèèjì sókè léra wọn.

Ìpele 7: Ẹ kọ ìwé ìbúra tó mọ́

Òfin ẹ̀rí, abala 115, kò fẹ́ àríyànjiyàn, àdúrà tàbí èrò nínú ìwé ìbúra. Ohun tó ṣẹlẹ̀ nìkan ló fẹ́. Ẹ wo ìyàtọ̀:

"Májísíréètì náà kórìíra mi, ó sì ń fi ìyà jẹ mí láìṣẹ̀." Wọ́n á fagi lé èyí.

"Ní ọjọ́ 12 oṣù kẹta, mo wà ní kóòtù láti aago mẹ́sàn-án. Akọ̀wé kóòtù sọ fún wa pé kóòtù kò ní jókòó. Wọ́n sún ẹjọ́ sí ọjọ́ 4 oṣù keje. Ó wà lójú ewé kẹsàn-án CTC." Èyí ló ń ṣiṣẹ́.

Ọjọ́ kọ̀ọ̀kan, gbólóhùn méjì sí mẹ́ta, pẹ̀lú ojú ewé tó wà. Nípa ẹni tí ẹ máa pè lẹ́jọ́, ipò májísíréètì àti kóòtù rẹ̀ ni kí ẹ kọ, pẹ̀lú ọlọ́pàá tàbí amòfin àgbà bí ọ̀rọ̀ bá kàn wọ́n. Ẹ má sọ ọ́ di ìjà ara ẹni.

Nínú ohun tí ẹ ń bèèrè, ẹ má kọ "kí wọ́n dá mi sílẹ̀". Ẹ kọ "kí kóòtù gbọ́ ẹjọ́ náà, kó sì parí rẹ̀ láàárín ọjọ́ báyìí", ẹ fi "tàbí kí wọ́n gbé e fún májísíréètì mìíràn" tẹ̀ lé e. Adájọ́ tí kò fẹ́ ṣe ti àkọ́kọ́ lè ṣe ìkejì.

Ohun tí ẹ máa wò: ẹ fún ẹnì kan tí kò mọ nǹkan kan nípa ẹjọ́ náà kà. Bó bá lè sọ iye ìgbà tí wọ́n sún un síwájú àti ohun tí ẹ fẹ́, ó ti dára.

Bó bá jẹ́ Ilé-Ẹjọ́ Gíga ló ń falẹ̀

Adájọ́ Ilé-Ẹjọ́ Gíga kan kò lè pàṣẹ fún ẹgbẹ́ rẹ̀. Adájọ́ Àgbà lẹ máa kọ̀wé sí. Bí ẹjọ́ bá ti parí tí ìdájọ́ ló kù, abala 294 nínú ìwé òfin ọdún 1999 ní kí wọ́n kà á láàárín ọjọ́ 90 lẹ́yìn àdírẹ́ẹ̀sì ìkẹyìn, kí ẹ sì gba ẹ̀dà láàárín ọjọ́ méje. NJC ni ẹ lè fi ẹjọ́ adájọ́ yìí sùn, pẹ̀lú ìwé ìbúra, láàárín oṣù mẹ́fà tí ohun náà ṣẹlẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ má retí pé ìdájọ́ á di asán nítorí pé ó pẹ́. Abala yẹn fúnra rẹ̀ ní àfi bí ẹ bá fi hàn pé ìpẹ́ náà ti ba òdodo jẹ́ fún yín. Bó bá sì di asán, ó lè korò: nínú ẹjọ́ ilẹ̀ Èkó kan tí Ilé-Ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ dá ní 1983, adájọ́ ti lo ju ọdún kan lọ kó tó ka ìdájọ́. Wọ́n ní kò bófin mu, wọ́n sì ní kí wọ́n lọ bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ náà lákọ̀tun.

Ìpele 8: Ẹ gbé àṣẹ náà padà wálẹ̀

Àṣẹ tó wà nínú àpò yín kò mú ẹjọ́ rìn. Ọ̀pọ̀ á yọ̀, wọ́n á ya fọ́tò, wọ́n á lọ sílé, oṣù mẹ́ta á kọjá. Ẹ gba àṣẹ náà ní ẹ̀dà tí wọ́n fọwọ́ sí. Kí òṣìṣẹ́ tó ń jíṣẹ́ ìwé kóòtù fi í lé rẹ́jísírà kóòtù kékeré lọ́wọ́, kí ó sì kọ ìwé ìbúra pé òun fi í jíṣẹ́. Ẹ lọ síbẹ̀ fúnra yín láàárín ọjọ́ mélòó kan, kí ẹ sì bèèrè ọjọ́. Abala 287 nínú ìwé òfin ọdún 1999 ló ní kí kóòtù kékeré mú àṣẹ Ilé-Ẹjọ́ Gíga ṣẹ. Bí wọn kò bá ṣe é, ẹ padà sọ́dọ̀ adájọ́ tó pa á láṣẹ pẹ̀lú ìwé ìbúra ìjíṣẹ́ yẹn lọ́wọ́.

Lọ́jọ́ tí ẹjọ́ bá wá bẹ̀rẹ̀, kí ẹlẹ́rìí yín wà níbẹ̀ ṣáájú aago mẹ́sàn-án, kí lọ́yà yín ti ṣe tán. Bó bá jẹ́ pé ẹ̀yin lẹ tọrọ àyè lọ́jọ́ yẹn, orí ìlà yín ni wọ́n máa kọ ọ́ sí.

Ohun tí ẹ máa wò kẹ́yìn: wọ́n ti mú ẹlẹ́rìí búra, ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti wà nínú ìwé májísíréètì, ọjọ́ tó kàn kò sì ju ọ̀sẹ̀ mélòó kan lọ. Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé àkọsílẹ̀ yín kí ẹ tó kúrò lórí bẹ́ǹṣì.